Àlejò tó bá fẹsẹ̀ rin Ifẹ̀, ṣẹ̀kẹ̀tẹ́ ni ká bù fún un

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ sì kú làálàá. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi fi ọ̀rọ̀ yìí síbi tí àwa ará Ifẹ̀ àti àwọn tó ń kó àlejò wá sí Ifẹ̀ á ti rí i kà. Olùkọ́ ìtàn ni mí kí n tó fẹ̀yìn tì. Àdúgbò Ìlódè n'Ífẹ̀ ni wọ́n bí mi sí, owó ṣẹ̀kẹ̀tẹ́, ọtí àgbàdo wa, ni ìyá mi sì fi rán mi níléèwé.

Lẹ́yìn ọdún Ọlọ́jọ́ tó kọjá, àwọn ọ̀dọ́ kan ránṣẹ́ sí mi láti Èkó. Wọ́n ní àwọn fẹ́ kó àlejò wá fẹsẹ̀ rin ìlú, kí n wá bá wọn pìtàn. Wọ́n ní tá a bá ti dé ibi pàtàkì kan, àlejò á mu bíà díẹ̀, irú èyí tí àwọn apọntí kéékèèké ń fọwọ́ ara wọn pọn, tí kì í ṣe ti iléeṣẹ́ ńlá. Inú mi dùn, torí mo ti rí irú rẹ̀ rí.

Ní 2019, mo lọ bá ọmọ mi tọ́jú ìkókó ní ìlú York, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ọkọ rẹ̀ sanwó fún mi pé kí n bá wọn rin irú ìrìn bẹ́ẹ̀. Obìnrin kan ló ṣíwájú wa. Ó mú wa gun orí odi ìlú náà, odi tó gùn ju kìlómítà 3 lọ. Ó ní àwọn ará Róòmù ló tẹ ibẹ̀ dó ní ọdún 71, àwọn Viking, àwọn jagunjagun tó gba orí òkun wá, sì gbà á ní 866. Nígbà tá a dé ẹnubodè tí wọ́n ń pè ní Micklegate Bar, ó nawọ́ sókè, ó ní ibẹ̀ ni wọ́n gbé orí Richard, Duke ìlú York, kọ́ nígbà tí wọ́n pa á ní 1460. Ẹ̀yìn ìyẹn la wọ ilé ọtí kan, wọ́n bu bíà dúdú fún wa, ààbọ̀ ife. Ó kọ́kọ́ korò lẹ́nu mi. Ìgbà tí mo gbé e mì tán ni mo gbọ́ òórùn àgbàdo sísun tó jó díẹ̀.

Obìnrin yẹn wá sọ̀rọ̀ kan tí mo ní kó tún sọ. Ó ní láyé àtijọ́, kí ewéko tí wọ́n ń pè ní hops, èyí tó ń mú bíà korò, tó dé ilẹ̀ wọn, àwọn obìnrin ló ń pọn èyí tó pọ̀ jù nínú ọtí ìlú, nínú ilé ìdáná wọn, tí wọ́n sì ń tà á lẹ́nu ọ̀nà. Omi lé ròrò sójú mi. Ìyá mi ni mo rí. Gbogbo ọtí tá a mu lọ́jọ́ náà, obìnrin tó ṣíwájú wa mọ ẹni tó pọn ọ́n, ó sì mọ àdúgbò tí wọ́n ti pọn ọ́n.

Ohun tí mo rò pé a fẹ́ ṣe n'Ífẹ̀ nìyẹn.

Àlejò mẹ́rìnlá ló péjọ sí Enuwá níwájú mùsíọ́mù. Mo sọ fún wọn nípa agbolé Wúnmọníjẹ̀, bí àwọn tó ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé ṣe hú àwọn orí onídẹ síta ní 1938, tí ọ̀kan nínú wọn ṣì wà ní British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù títí dòní. A dé ìdí Ọ̀pá Ọ̀rànmíyàn, òkúta tó ga tó mítà 5.5, wọ́n fọwọ́ pa ìṣó irin ara rẹ̀. Títí dé ibẹ̀, gbogbo rẹ̀ ń lọ dáadáa.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti bà jẹ́ ni ibi kan lẹ́bàá ọ̀nà, níbi tí àgbàrá ti ṣí ilẹ̀ àpáàdì sílẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé rẹ̀ fún ẹni tí kò tíì dé Ifẹ̀. Àwọn baba ńlá wa ò kàn da àpáàdì sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Wọ́n nà án ró ní ẹ̀gbẹ́, etí rẹ̀ sókè, ọ̀wọ́ kan dà sọ́tùn-ún, ọ̀wọ́ kejì dà sósì, títí tó fi dà bí egungun ẹja. Níbòmíràn, wọ́n fi òkúta funfun wẹ́wẹ́ sáàárín rẹ̀. Ìtàn ìdílé wa sọ pé Ọọni Lúwòó, obìnrin tó jọba, ló ní kí wọ́n tẹ́ ọ̀nà bẹ́ẹ̀ kí ẹrẹ̀ má baà ta sí òun láṣọ. Àwọn ojúbọ kan wà tí wọ́n ti ri ìkòkò mọ́lẹ̀ láàárín àpáàdì, ọrùn rẹ̀ nìkan ló yọ síta. Ohun tí àwọn awalẹ̀pìtàn rò ni pé ẹnu ìkòkò yẹn ni wọ́n ń da ohun mímu sí fún àwọn òrìṣà àti àwọn tó ti lọ. Ẹ ò rí i pé nǹkan mímu àti ilẹ̀ Ifẹ̀ ti jọ wà tipẹ́.

Ibẹ̀ ni ọmọkùnrin kan gbé kúlà yìnyín kalẹ̀ sí, gbàgà, lórí àpáàdì. Mo figbe ta. Ó tọrọ àforíjì, ó gbé e kúrò, ṣùgbọ́n ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí ìgò. Ìdérí kan já bọ́ sáàárín àpáàdì méjì. Mo bẹ̀rẹ̀, mo fi èékánná yọ ọ́, àpáàdì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ sì mì lọ́wọ́ mi bí eyín ọmọ ọdún mẹ́fà. Mo bi í pé ta ló pọn ọtí yìí. Ó yí ìgò náà padà, ó ń wá orúkọ lára bébà tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ọn.

Mo ní, “Ọmọ mi, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ṣì ń pọn ṣẹ̀kẹ̀tẹ́ ní Ìlódè níbí. Ẹ jẹ́ ká lọ mu ún lọ́dọ̀ rẹ̀.”

Ó ní, “Ẹ má bínú mà. Àwọn oníbàárà wa ò lè mu ìyẹn. Wọ́n á ní kò mọ́.”

Kò mọ́ kẹ̀? Olóòtú, mi ò sùn lálẹ́ ọjọ́ náà.

Àgbàdo tí ìyá mi bá fẹ́ fi pọntí, á kọ́kọ́ fẹ́ ẹ, á ṣà á lẹ́yọ lẹ́yọ, èyí tí kòkòrò bá ti fẹnu kàn, ti adìyẹ ni. Á rẹ ẹ́ sómi fún ọjọ́ méjì, á máa pààrọ̀ omi rẹ̀. Á wá tẹ́ ewé sínú apẹ̀rẹ̀, á da àgbàdo lé e, á fi ewé mìíràn bò ó, á máa wọ́n omi sí i láàárọ̀ àti lálẹ́. Tó bá fi máa di ọjọ́ kẹrin, ìkarùn-ún, gbòǹgbò funfun tẹ́ẹ́rẹ́ á ti yọ lára rẹ̀, gbogbo rẹ̀ á lọ́ mọ́ra wọn bí irun tó ta kókó. Iṣẹ́ mi ni láti fi ìka tú u kó tó bọ́ sínú oòrùn, òórùn rẹ̀ á sì máa ta sánsán bí ìrèké tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gé. Híhù yẹn gan-an ló ń sọ inú àgbàdo di dídùn, ìwúkàrà á wá sọ adùn náà di ọtí. Bákan náà ni àwọn ará York ń jẹ́ kí ọkà báálì tiwọn hù. Iṣẹ́ kan náà ni, àwo tí wọ́n gbé e sí ló yàtọ̀.

Tó bá gbẹ, a ó gún un, a ó pò ó mọ́ omi, á sì wà lórí iná láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Ìyá mi ò gbà kí ẹnikẹ́ni ki ọwọ́ bọ̀ ọ́. Igbá kan wà tó fi ń bù ú, nǹkan mìíràn ò gbọdọ̀ wọ inú igbá yẹn. Lọ́jọ́ tó bá kọ́kọ́ sẹ́ ẹ, ọmọdé lè mu ún, adùn lásán ni. Lọ́jọ́ kejì á máa hó, á máa ta lẹ́nu. Ọjọ́ kẹta, ti àgbà ni.

Ọmọbìnrin kan nínú àwọn àlejò yẹn, nọ́ọ̀sì ni, ti gbọ́ ohun tí mo sọ. Nígbà tí wọ́n túká, ó tẹ̀ lé mi dé Ìlódè. Ẹ̀gbọ́n mi bu ti ọjọ́ kejì fún un. Ó tọ́ ọ wò, ó dákẹ́, ó tún gbé igbá sẹ́nu, ó wá ní, “Màmá, kí ló dé tí wọn ò mú wa wá síbí látàárọ̀?” Ẹ̀gbọ́n mi ti pé ẹni ọdún 71. Ìgbà tí mo wà lọ́mọdé, obìnrin méje ni mo mọ̀ tó ń pọn ọ́n ládùúgbò wa nìkan. Wọ́n ti ku méjì báyìí, kò sì sí ọmọ kankan lẹ́yìn wọn tó ń kọ́ ọ.

Àwọn tó ń ṣètò irú ìrìn yìí ni mo wá bẹ̀. Mi ò ní kí wọ́n má ṣe é mọ́, kódà mo fẹ́ kí wọ́n ṣe é sí i. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká máa wo àpáàdì pẹ̀lú ọwọ́ òfìfo, ká wá lọ mutí nílé ẹni tó pọn ọ́n, ká jókòó sórí àpótí, ká rí ìkòkò. Lẹ́yìn ṣẹ̀kẹ̀tẹ́, àgàdàgídí náà wà, èyí tí wọ́n ń fi ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà tó pọ́n kọjá ààlà ṣe. Ẹmu wà. Ògógóró ni mi ò ní fọwọ́ sí, torí a ò tíì gbàgbé àwọn tó kú ní ìpínlẹ̀ Òǹdó ní 2015 nítorí májèlé tí wọ́n ń pè ní methanol tó wà nínú rẹ̀. Ẹni tí kò bá sì mutí rárá, ṣẹ̀kẹ̀tẹ́ tó ṣì ń gbóná látorí iná, tí kò tíì di ọtí, wà fún un.

Ohun kan tún kù tí ẹni tó bá ti Èkó wá lè má mọ̀. Tá a bá dé Ìta Yemòó, níbi tí wọ́n ti hú ère onídẹ ọba àti ayaba tí wọ́n fẹsẹ̀ àti ọwọ́ kọ́ ara wọn síta ní 1957, ẹ má gbé ẹmu débẹ̀. Aya Ọbàtálá ni Yemòó. Ẹmu ló mú kí Ọbàtálá sùn lọ lójú ọ̀nà, tí Odùduwà fi gba iṣẹ́ dídá ayé ṣe, èèwọ̀ ló sì jẹ́ fún àwọn ọmọ Ọbàtálá títí dòní. Omi tútù la ó mu níbẹ̀, èmi náà á sì fìdí ìtàn yẹn múlẹ̀ fún àlejò kí ife tó kàn wọ́n lẹ́nu.

Ọjọ́ Jímọ̀ ni ẹ̀gbọ́n mi máa ń sẹ́ ọtí. Tí àwọn ọ̀dọ́ tí mo ń bá wí yìí bá ka lẹ́tà mi, kí wọ́n pè mí, ká tún ìrìn náà rìn. Mi ò ní gba kọ́bọ̀. Mo ti ra igbá mẹ́rìnlá sílẹ̀, mo ti fọ̀ wọ́n, mo sì ti sá wọn sóòrùn.

Èmi ni tiyín,
Ọmọ Oníṣẹ̀kẹ̀tẹ́,
Ìlódè, Ilé-Ifẹ̀.