Ẹni tí bàálù rẹ̀ dá dúró l'Ékòó lè dé Àgbádárìgì kó sì padà, tó bá ka wákàtí rẹ̀ láti ẹ̀yìn

Sí Olóòtú,

Lójoojúmọ́ ni àwọn èèyàn ń balẹ̀ láàárọ̀ ní pápákọ̀ òfurufú Murtala Muhammed ní Ìkẹjà, tí bàálù tí yóò gbé wọn lọ sókè òkun kò sì ní í gbéra títí di aago 10 tàbí 11 alẹ́. Ará Kánò wà nínú wọn, ará Àbújá wà níbẹ̀, àwọn mìíràn sì ti Accra tàbí Dakar wá. Orí àga ni wọ́n ń jókòó sí, wọn a fi báàgì ṣe ìrọ̀rí, wọn a máa yẹ aago wò títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Ní Singapore, ẹni tó bá ní wákàtí márùn-ún ààbọ̀ ó kéré tán láti dúró, ọ̀fẹ́ ni wọ́n fi ń gbé e yí ìlú ká. Ní Istanbul, Turkish Airlines ń ṣe bẹ́ẹ̀ fún èrò tirẹ̀ tí yóò dúró fún wákàtí 6 sí 24. Èrò tó bá dá dúró sí Èkó, òun fúnra rẹ̀ ni yóò wá ọ̀nà kiri.

Iṣẹ́ fífi àlejò mọ Àgbádárìgì ni àwa tí a kọ lẹ́tà yìí ń ṣe. Ìbéèrè tí wọ́n ń bi wá jù lórí fóònù ni pé, "Ṣé mo lè dé ọ̀dọ̀ yín kí n sì padà bá bàálù mi?" Ó ṣeé ṣe, bí àsìkò tó wà láàárín bàálù méjèèjì bá tó wákàtí 14. Bí kò bá tó 14, kí onítọ̀hún má wá. Owó ni ọ̀rọ̀ yìí ń lé kúrò lọ́wọ́ wa, a mọ̀. Àmọ́ ẹni tí bàálù bá já sílẹ̀ nítorí Àgbádárìgì kò ní í dárúkọ ìlú náà sí rere mọ́.

Ẹ̀yìn ni kí ẹ ti máa ka àsìkò yín bọ̀. Ká ní aago 7 àárọ̀ ni bàálù Àbújá balẹ̀, tí ti London yóò sì gbéra ní aago 11 alẹ́. Wákàtí 16 nìyẹn. Ẹ yọ 3 kúrò fún bàálù òkè òkun, nítorí ìlà wà níbi tí wọ́n ti ń wọn ẹrù, ìlà wà níbi ìwé ìrìnnà, ìlà tún wà níbi àyẹ̀wò ara. Ó di aago 8 alẹ́. Ẹ yọ wákàtí 4 fún ọ̀nà àbọ̀. A jẹ́ pé ní aago 4 ìrọ̀lẹ́, ọkọ̀ yín gbọ́dọ̀ ti máa kúrò ní Àgbádárìgì. Láàárọ̀, wákàtí 1 yóò lọ sórí gbígba ẹrù àti jíjáde, wákàtí 3 yóò lọ sójú ọ̀nà. Aago 11 lẹ ó wọ ìlú. Nínú wákàtí 16, márùn-ún péré ló kù fún ìgbafẹ́. Ẹni tó ní 14, mẹ́ta ni yóò rí. Ẹni tí ìwé ìrìnnà rẹ̀ jẹ́ ti orílẹ̀-èdè mìíràn, kó fi wákàtí kan kún ti àárọ̀ nítorí ìlà àwọn ìmígíréṣọ̀n. Ọmọ orílẹ̀-èdè ECOWAS kò nílò físà, ṣùgbọ́n àwọn tó ti ọ̀nà jíjìn wá gbọ́dọ̀ ti gbà á lórí íntánẹ́ẹ̀tì kí wọ́n tó kúrò nílé wọn, kí káàdì abẹ́rẹ́ àjẹsára ibà pọ́njú sì wà lọ́wọ́ wọn.

Láti pápákọ̀ dé ọ̀dọ̀ wa lé díẹ̀ ní kìlómítà 60. Ẹni tó bá wo bí ó ṣe rí lórí máàpù á rò pé wákàtí kan ààbọ̀ ni. Kó má gbára lé e. Ohun kan wà tí àlejò kì í sábà mọ̀: láàárọ̀, àwọn ará Àgbárá àti Okokomaiko ń rọ́ wọ Èkó lọ síbi iṣẹ́, nírọ̀lẹ́ wọ́n ń rọ́ padà wálé. Òdìkejì wọn ni ẹ̀yin ń lọ ní ìgbà méjèèjì, èyí sì ṣe yín láǹfààní. Ibi tí kò mọ àárọ̀ yàtọ̀ sí ìrọ̀lẹ́ ni Òṣòdì sí Mile 2, nítorí tírélà àti táńkà tó ń lọ sí èbúté Tin Can àti Àpápá. Bí awakọ̀ bá gbọ́ pé Mile 2 ti dì, kó gba Ìsọlọ̀ bọ́ sí Ìkọ̀tún, kó gba Ìgándò já sí Ìyànà-Ìbá nítòsí Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Èkó. Súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ń bẹ ní Ìkọ̀tún náà, ṣùgbọ́n kì í ṣe èyí tí tírélà kan á ṣubú dí tí ẹ ó sì jókòó títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Àwọn èèyàn tún máa ń béèrè bóyá àwọn lè wọ ọkọ̀ ojú irin Mile 2. Marina nìyẹn ń lọ, kò kọjú sọ́dọ̀ wa.

Ìdí tí a fi fún ọ̀nà àbọ̀ ní wákàtí 4 ni pé ọ̀nà ìbodè Sẹ̀mẹ́ ni ọ̀nà yìí. Àwọn aṣọ́bodè, ìmígíréṣọ̀n àti ọlọ́pàá wà lójú títì tó wọ Èkó, ojú ọkọ̀ tó ń ti ìbodè bọ̀ ni wọ́n sì fi ń wo gbogbo ọkọ̀. Bí wọ́n bá rí àpótí ńlá méjì nínú búútù, wọ́n á ní kí ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀, kí ẹ ṣí i, kí ẹ tú u wò. Ibùdó àyẹ̀wò kan lè má ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ, àmọ́ wọn kì í ṣe ẹyọ kan. Nítorí náà, ẹ má gbé ẹrù wá. Ẹni tí tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ jẹ́ ẹyọ kan, kó bi wọ́n léèrè níbi tó ti gbéra bóyá ẹrù rẹ̀ yóò lọ tààrà sí ibi tó ń lọ. Ẹni tí tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ jẹ́ méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ yóò gba ẹrù rẹ̀ l'Ékòó ni. Kó wá ilé ẹbí tàbí òtẹ́ẹ̀lì ní Ìkẹjà tí yóò bá a tọ́jú rẹ̀. Ìwé ìrìnnà ní tirẹ̀ kò gbọdọ̀ sí nínú ẹrù náà. Ara yín ni kó wà, torí wọ́n máa béèrè rẹ̀ lójú ọ̀nà.

Ọkọ̀ ńkọ́? Ẹ háyà rẹ̀ fún odidi ọjọ́. Ọkọ̀ tí ẹ fi fóònù pè ní Ìkẹjà lè gbé yín dé Àgbádárìgì, ṣùgbọ́n yóò padà sẹ́yìn ni, nígbà tó bá sì di aago 4 ìrọ̀lẹ́, ẹ ó máa tẹ fóònù láìrí ẹni dáhùn. Kí ẹ tó gbéra, kí ẹ̀yin àti awakọ̀ ti fẹnu kò lórí owó ìdúró, owó epo, àti wákàtí tí yóò yí orí ọkọ̀ padà, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí i lórí fóònù kó lè wà ní kíkọ. Dáńfó wà láti Òṣòdì sí Mile 2, àti láti Mile 2 sí Àgbádárìgì, owó rẹ̀ kò sì wọ́n, àmọ́ ó ní láti kún kó tó gbéra, lálọ àti lábọ̀. Ẹni tó ní wákàtí 20 ni kó fìyẹn ṣe. Kí ẹnikẹ́ni má sì fọkàn sí i pé òun yóò sọ̀kalẹ̀ gun ọ̀kadà bí ọ̀nà bá dí: láti ọdún 2022 ni ìjọba ti fòfin dè é ní Ìkẹjà àti Òṣòdì, ọwọ́ òfin sì lè tẹ èrò ẹ̀yìn náà.

Bí ẹ bá ti dé, ẹ má yà síbì kankan. Èbúté ni kí ẹ kọ́kọ́ lọ, kí ẹ sọdá sí erékùṣù Gberefu. Ọ̀pọ̀ afinimọ̀nà ń fi èyí sí ìkẹyìn nítorí pé òun ló dùn jù, àṣìṣe ńlá sì ni fún ẹni tí bàálù ń dúró dè. Ilé àtijọ́ ṣeé wò ní ìṣẹ́jú 20 bí àsìkò kò bá sí. Erékùṣù kò ṣeé gé sí méjì. Bí ẹ bá ti sọdá, ẹ ní láti rìn ín dópin, kí ẹ sì rìn ín padà. Afẹ́fẹ́ tún máa ń le sí i lójú ọ̀sà lẹ́yìn ọ̀sán.

Ọkọ̀ ojú omi kì í lò ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ lójú omi, dídúró kó kún ló ń jẹ àsìkò. Ẹ san owó odidi ọkọ̀, lálọ àti lábọ̀, kí ẹ má sì san gbogbo rẹ̀ tán títí yóò fi gbé yín padà. Ẹ yẹ láífù jákẹ́ẹ̀tì yín wò kí ẹ tó wọlé: ẹ fi ọwọ́ tẹ fóòmù inú rẹ̀, bó bá ti rọ̀ bí búrẹ́dì tó bọ́ sómi, ẹ dá a padà, ẹ gba òmíràn. Gbogbo ìdè iwájú rẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ́ ara wọn kó sì dún. A ti ń rí àwọn tó ń so ó pẹ̀lú okùn nítorí pé ìdè rẹ̀ ti kán. Ọkọ̀ bẹ́ẹ̀, ẹ má wọ̀ ọ́.

Lókè odò, yanrìn ni títí dé òkun. Ìrìn ìṣẹ́jú 20 sí 30 ni, ó sì le ju bó ṣe rí lójú lọ nítorí pé ẹsẹ̀ ń rì. Bàtà tí kò ní okùn lẹ́yìn yóò máa bọ́ sílẹ̀. Bàtà aláwọ̀ á kún fún yanrìn. Sálúbàtà tí ó ní ìdè ló tọ́, pẹ̀lú fìlà àti omi lítà kan fún ẹnìkọ̀ọ̀kan. Láàárín ọ̀nà ni ẹ ó ti bá kànga kan. Ìtàn tí àwọn àgbà Ègùn ń sọ ni pé omi rẹ̀ ni wọ́n fún àwọn ẹrú mu kí wọ́n lè gbàgbé ilé. Ẹ dúró níbẹ̀ díẹ̀, kí ẹ dákẹ́. Lẹ́yìn rẹ̀ ni òpó ìrántí Àlọ-ìàbọ̀, òkun ńlá sì wà níwájú. Ẹ má wẹ̀ nínú òkun yẹn, nítorí ìgbì ń fa ẹsẹ̀ ènìyàn láti ìsàlẹ̀. Lálọ àti lábọ̀, pẹ̀lú ìsinmi, wákàtí méjì ààbọ̀ ni.

Bí ẹ bá padà, aago 1 ààbọ̀ ti lù. Ẹ jẹun fún ìdajì wákàtí, kí ẹ wá lọ sí ilé Seriki Williams Abass. Ọmọ Ìjogá-Orílé ní ilẹ̀ Yewa ni. Wọ́n mú un lẹ́rú, wọ́n gbé e dé Brazil, nígbà tó padà wálé, òun náà di olówò ẹrú. Yàrá 40 ni wọ́n fi ń tọ́jú ẹrú nínú ọgbà náà. Ẹ wọ inú ọ̀kan tó ṣẹ́ kù, kí ẹ dúró ní àárín rẹ̀. Nílé ìdílé Mobee, tí kò jìnnà síbẹ̀, ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ ni ẹ ó rí. Ẹ bẹ ẹni tó ń tọ́jú ilé kó jẹ́ kí ẹ gbé e sọ́wọ́. Ìwọ̀n irin yẹn ju ọ̀rọ̀ afinimọ̀nà èyíkéyìí lọ.

Ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, ti ọdún 1845, wà ní àdúgbò Marina ti Àgbádárìgì níbí. Ìṣẹ́jú 30 tó o. Ibi tí igi Agia wà kí ó tó wó ní 1959, níbi tí míṣọ́nnárì Thomas Birch Freeman ti wàásù ní ọdún 1842, ẹ lè wò ó láti inú ọkọ̀. Ilé àkójọpọ̀ ohun ìṣẹ̀ǹbáyé, tó wà nínú ọ́fíìsì àtijọ́ ti D.O., òyìnbó alákòóso agbègbè, gba wákàtí kan gbáko, nítorí náà ẹ fi í sílẹ̀ di ìgbà mìíràn. Ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni owó ìwọlé ilé kọ̀ọ̀kan, ẹ mú owó wẹ́wẹ́ dání. Ní ọjọ́ Àìkú, ẹ pè kí ẹ tó wá, nítorí ọ̀pọ̀ àwọn tí kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ wọn máa ń wà ní ṣọ́ọ̀ṣì. Bí ẹ bá pàdé Zangbeto, eégún àwọn Ègùn, lójú ọ̀nà, ẹ má ya fọ́tò rẹ̀ láìgbàṣẹ.

Ẹ̀bùn tí ẹ lè gbé wọ bàálù ni baba dúdú, súìtì tí wọ́n fi àgbọn ṣe. Omi àgbọn inú ike, bó bá ti ju mílílítà 100 lọ, wọn á gbà á lọ́wọ́ yín níbi àyẹ̀wò.

Ẹni tí ìdúró rẹ̀ jẹ́ wákàtí 7 sí 10, Ìkẹjà ni kó ti gbafẹ́: ilé Fẹlá tí wọ́n sọ di Kalakuta Museum ní 2012 kò jìnnà sí pápákọ̀. Ẹni tó bá sì balẹ̀ nírọ̀lẹ́ tí yóò gbéra ní alẹ́ ọjọ́ kejì, kó sùn ní Ìkẹjà, kó gbéra ní aago 6 àárọ̀. Kó má fi òru rin ọ̀nà Àgbádárìgì.

Olóòtú, ẹ bá wa gbé ọ̀rọ̀ yìí dé iwájú àwọn tó ń ṣàkóso pápákọ̀ àti ìjọba ìpínlẹ̀. Ohun tí a ń béèrè kò pọ̀: tábìlì kan níbi tí àwọn èrò ń gbà jáde, èèyàn méjì tó mọ Yorùbá, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé, yàrá tí a lè fi ẹrù pamọ́ sí, àti bọ́ọ̀sì kan tí yóò gbéra ní aago 8 àárọ̀, tí yóò sì kúrò ní Àgbádárìgì ní aago 4 ìrọ̀lẹ́ gééré, yálà gbogbo èrò ti pé tàbí wọn kò pé.

Àwa afinimọ̀nà kan,
Àgbádárìgì, Ìpínlẹ̀ Èkó.