Ìpè sí gbogbo ọmọ ìlú: owó afárá wa sí títì Moníyà–Ìṣẹ́yìn

Ẹ̀yin ọmọ ìlú wa nílé, lóko àti lẹ́yìn odi, ẹ kú ojúmọ́, ẹ kú làálàá. Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Ìbàdàn àti Èkó, ẹ kú ìrìn. Ẹ̀yin ọmọ wa tí ẹ wà ní Lọ́ńdọ̀nù àti Amẹ́ríkà, ẹ kú àárò ilé. Ọ̀rọ̀ owó la bá wá, a ò sì ní fi í sábẹ́ ahọ́n sọ. Afárá orí odò tó wà láàárín ìlú wa àti títì la fẹ́ ṣe, kí òjò tó dé.

Gbogbo wa la mọ títì yẹn. Kìlómítà 65 ni, láti Moníyà ní ìjọba ìbílẹ̀ Akínyẹlé, ó gba Ìjàyè kọjá, ó di Ìṣẹ́yìn. Láti Ìṣẹ́yìn ni ẹlòmíràn ti ń yà sí Òkèhò àti Ìgànnà, tí ẹlòmíràn ń forí lé Ọ̀tú títí dé Ṣakí. Títì ìjọba ìpínlẹ̀ ni, kì í ṣe ti ìjọba àpapọ̀.

Ọjọ́ ti pẹ́ tí wọ́n ti ń du ọ̀nà Òkè Ògùn yìí. Nígbà tí Aláàfin Àtìbà wàjà ní 1859, tí Adélù ọmọ rẹ̀ gorí oyè, Kúrunmí, Ààrẹ Ìjàyè, fárígá pé òun ò ní forí balẹ̀ fún un, nítorí àṣà àtijọ́ ni pé kí Àrẹ̀mọ bá bàbá rẹ̀ lọ. Ìbàdàn gbè sẹ́yìn Ọ̀yọ́, àwọn Ẹ̀gbá wá ran Ìjàyè lọ́wọ́, ogun bẹ́ sílẹ̀ ní 1860. Ìtàn akin ni wọ́n sábà máa ń sọ fún wa nípa ogun yìí, àmọ́ ẹ jẹ́ ká wo ọ̀rọ̀ oúnjẹ inú rẹ̀. Òkè Ògùn ni Ìjàyè ti ń rí oúnjẹ nígbà tí ogun dó tì í. Ìgbà tí Ìbàdàn borí ní Ìwàwún, ìlú kan ní Òkè Ògùn, ọ̀nà oúnjẹ dí, ebi wọlé. Kúrunmí kú ní 1861, nígbà tó di oṣù kẹta 1862, Ìjàyè tú.

Reluwé dé Ìbàdàn ní 1901, ó gba Ọ̀ṣogbo lọ sí Ìlọrin, kò yà sọ́dọ̀ wa. Orí àti ẹsẹ̀ la fi ń kó ẹrù títí mọ́tò fi dé. Ẹ̀yin àgbà ẹ rántí bí ọ̀nà náà ṣe bàjẹ́ tó, tó jẹ́ pé ará Ìṣẹ́yìn tó ń lọ sí Ìbàdàn a máa gba Ọ̀yọ́ yí ká. Ìjọba kan gbé iṣẹ́ rẹ̀ jáde, kò rìn jìnnà. Ní 2019, ìjọba Gómìnà Ṣèyí Mákindé tún un gbé fún agbaṣẹ́ṣe mìíràn, ọ̀dà sì dé Ìṣẹ́yìn. Ẹni tó ṣe é, ó kú iṣẹ́. Láti oṣù kẹfà 2021 tí wọ́n ti ṣí ọkọ̀ ojú irin Èkó sí Ìbàdàn, Moníyà gan-an ló ń sọ èrò sí. Ọmọ wa tó bá wọ̀ ọ́ láti Èkó, títì ọlọ́dà ni yóò gbà títí dé oríta wa.

Oríta yẹn ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀nà tó wọ ìlú kò sí nínú iṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀, ti ìjọba ìbílẹ̀ ni. Àfikún Kẹrin òfin orílẹ̀-èdè ti 1999 ka irú ọ̀nà bẹ́ẹ̀ àti gọ́tà rẹ̀ mọ́ iṣẹ́ wọn. A ti kọ lẹ́tà, a ti ran àgbà lọ. “Owó ò tíì jáde” ni wọ́n ń wí.

Ẹ wá wo odò yẹn lọ́jọ́ ọjà. Pákó mẹ́rin ló wà lórí rẹ̀, ọ̀kan ti là. Àwọn ìyá wa á sọ̀ lórí ọ̀kadà, wọ́n á bọ́ bàtà sọ́wọ́, wọ́n á ru agbọ̀n ẹ̀gẹ́ kọjá. Ọlọ́kadà á wá ti alùpùpù rẹ̀ tẹ̀lé wọn, á tún gbé wọn lódìkejì, á sì gba owó kún owó. Ọkọ̀ akẹ́rù kì í wọlé mọ́. Oríta ló ń dúró sí, àwọn alájàpá mọ̀ pé a ò ní ru iṣu padà sílé, iye tó bá wù wọ́n ni wọ́n ń dá lé e. Tí aboyún bá ń rọbí lóru òjò ńkọ́? Ẹ má jẹ́ ká sọ ọ́.

Ọmọ wa kan tó jẹ́ ẹnjiníà ti wá wọn ibẹ̀ láìgba kọ́bọ̀. Òrùka kọnkéré ìlà méjì ni ó ní ká rì sísàlẹ̀ kí omi máa gbà á, ká fi òkúta àti sìmẹ́ńtì mọ ògiri sí ẹnu rẹ̀ méjèèjì, ká wá da yangí sórí, ká fi katapílà tẹ̀ ẹ́ dáadáa. Àwọn ọ̀dọ́ yóò fi ọ̀wẹ̀ gbẹ́lẹ̀, wọ́n á sì wa iyanrìn. Baálẹ̀ ti gba oúnjẹ òṣìṣẹ́ sọ́rùn. Òrùka, sìmẹ́ńtì, irin àti owó katapílà ló kù.

Àwọn kan bínú nípàdé tó kọjá pé kí ló dé táa ó fi ṣe iṣẹ́ ìjọba fún ìjọba. Wọn ò jẹ̀bi, a ò sì ní yé kọ lẹ́tà. Ṣùgbọ́n òjò kì í dúró de bọ́jẹ́ẹ̀tì. Ti ẹ̀yin tí ẹ ní ká kúkú da ọ̀dà dé ààfin, ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ ká rí owó afárá ná.

Ọmọ ẹgbẹ́ ìlú wa tó wà nílé yóò san ₦5,000. Ẹni tó wà ní Ìbàdàn, Èkó àti ìlú mìíràn ní Nàìjíríà, ₦20,000. Ẹ̀yin tí ẹ wà lókè òkun, ₦100,000, ẹni tí Ọlọ́run bá bùkún fún kó fi kún un. A ò bu owó fún opó àti akẹ́kọ̀ọ́. Ẹni tó bá fẹ́ ra sìmẹ́ńtì dípò owó, kó gbé e dé ilé akápò.

A gbọ́ kíkùn tó tẹ̀yìn iṣẹ́ kànga jáde. Nítorí náà, èèyàn mẹ́ta ni yóò máa fọwọ́ sí ìwé kí owó tó jáde, a ó sì máa ka gbogbo rìsíìtì sétígbọ̀ọ́ ìpàdé lóṣooṣù. Àpò owó ẹgbẹ́ tí gbogbo wa ti mọ̀ ni kí ẹ san án sí, ẹ má fi lé ọwọ́ ẹnikẹ́ni. Ẹ kọ orúkọ yín àti ti agboolé yín mọ́ ọn, nítorí Adébáyọ̀ tó wà nínú ìwé akápò ti ju ẹyọ kan lọ.