Òṣèré kọ́ ló ba ìròyìn ogun jẹ́

Olóòtú,

Ẹni tó kọ̀wé sí yín lọ́sẹ̀ tó kọjá ní àbùkù ni kí tẹlifíṣọ̀n kó ìròyìn ogun àti ìtàn òṣèré pọ̀ sínú ètò kan. Mi ò gbà. Láti 1968 ni 60 Minutes, ètò ìròyìn tẹlifíṣọ̀n kan, ti ń ṣe bẹ́ẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Don Hewitt tó dá a sílẹ̀ ní òun fẹ́ yọjú wo kọ́bọ́ọ̀dù aṣọ òṣèré Marilyn Monroe, bí àwọn bá ṣáà tún lè yọjú wo yàrá ìwádìí Robert Oppenheimer, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì bọ́ǹbù átọ́míìkì. Ìtàn òṣèré kì í náni lówó púpọ̀: àga méjì, kámẹ́rà méjì, ọ̀sán kan. Ìwádìí ogun lè gba oṣù. Èrò tí òṣèré bá fà wá ni olówó ìpolówó ń sanwó lé lórí.

Ibòmíràn ni nǹkan ti ń bàjẹ́. 60 Minutes II, àbúrò ètò yẹn, gbé fọ́tò ìyà tí wọ́n fi jẹ àwọn ẹlẹ́wọ̀n ní ọgbà ẹ̀wọ̀n Abu Ghraib ní Iraq jáde ní April 28, 2004. Kò sẹ́ni tó rí i bì ṣubú, torí fọ́tò gidi ni. Nígbà tó di September, ètò yìí kan náà gbé ìwé jáde nípa iṣẹ́ ológun tí Ààrẹ Bush ṣe nígbà ọ̀dọ́. Fọ́tòkọ́pì ni, ta ló fẹ́ yẹ yíǹkì fọ́tòkọ́pì wò? Wọn ò rí ẹ̀rí pé ojúlówó ni ìwé náà; kò pé ọ̀sẹ̀ méjì tí Dan Rather, oníròyìn tó gbé e jáde, fi tọrọ àforíjì.

WhatsApp ni fọ́tòkọ́pì tiwa. Fọ́tò tó bá ti gba ibẹ̀ kọjá, ọjọ́ àti ibi tí wọ́n ti yà á sábà máa ń já bọ́ lára rẹ̀. Ẹ gba fáìlì lọ́wọ́ ẹni tó yà á gan-an, kí ẹ fi pátákó ṣọ́ọ̀bù àti òrùlé inú rẹ̀ wé àdúgbò tí wọ́n dárúkọ.

Ẹ̀yin tó ń bo ojú ẹlẹ́rìí ńkọ́? Ní Ilé-Ifẹ̀, tí ìjà Ifẹ̀ àti Modákẹ́kẹ́ ti 1997 sí 2000 ò tíì kúrò lọ́kàn ọ̀pọ̀, ohùn nìkan tó láti fi dáni mọ̀. Ohùn tí kọ̀ǹpútà kàn fẹ̀ tàbí sún kì, kọ̀ǹpútà lè dá a padà. Ẹ jẹ́ kí ẹlòmíràn ka ọ̀rọ̀ náà.

Ibi kan ṣoṣo tí mo ti bá akọ̀wé yẹn gbà ni orin. 60 Minutes ò ní orin ìbẹ̀rẹ̀ rárá, ìró aago lásán ni. Ta ló ní kí àwọn tiwa máa fi dùùrù sábẹ́ òkú?

Òǹkàwé yín,
Ilé-Ifẹ̀