Lẹ́tà sí Àkànbí, lórí ọ̀rọ̀ Himilsbach

Warsaw,
Pólándì.

Ọ̀rẹ́ mi Àkànbí,

Ṣé àlàáfíà ni o wà? Màmá ńkọ́, ṣé ẹsẹ̀ ti fúyẹ́? Èmi wà dáadáa, àfi òtútù ibí tí kò tíì gbọ́ pé oṣù Kẹta ti dé. Mo ka ohun tí o kọ. O ní wọ́n tún ti fún ọ ní ipa mẹ́gáàdì nínú fíìmù, pé ta ni yóò rántí ẹni tó ń ṣí géètì fún olówó inú fíìmù? Jẹ́ kí n sọ ti ọkùnrin kan fún ọ.

Jan Himilsbach ni orúkọ rẹ̀, òṣèré fíìmù ilẹ̀ Pólándì ni. Ọdún 1931 ni wọ́n bí i ní Mińsk Mazowiecki, ìlú kan tí kò jìnnà sí ibi tí mo wà yìí. Wọ́n máa ń sọ ọ́ pé akọ̀wé kan kọ ọjọ́ 31 oṣù Kọkànlá sínú ìwé ìbí rẹ̀. Wo kàlẹ́ńdà rẹ, kó o rí i bóyá ọjọ́ bẹ́ẹ̀ wà! Kò kọ́ṣẹ́ eré níbì kankan. Òkúta ibojì ló ń gbẹ́ jẹun, ó sì ń kọ ìtàn kéékèèké. Ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́, Monidło, jáde ní 1967.

Ní 1970, olùdarí fíìmù kan, Marek Piwowski, fi í sínú Rejs, fíìmù apanilẹ́rìn-ín nípa ọkọ̀ ojú omi tó ń gbé àwọn tó ń gbafẹ́ lọ lórí odò Wisła. Ọkùnrin kan yọ́ wọ ọkọ̀ láìsanwó. Ọ̀gá ọkọ̀ rò pé òun ni òṣìṣẹ́ tí wọ́n rán wá láti dá àwọn èrò lára yá. Òun náà dákẹ́, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í pàṣẹ. Ìjọba Kọ́múnístì ló wà lórí oyè nígbà náà, ìwọ náà mọ ẹni tí wọ́n ń bá wí. Ìṣẹ́jú 65 péré ni, púpọ̀ nínú àwọn èrò ọkọ̀ yẹn kì í sì í ṣe òṣèré rárá.

Ibi tí mo fẹ́ kó o wò ni ibi tí Himilsbach àti Zdzisław Maklakiewicz ti jọ jókòó. Maklakiewicz, tó kọ́ṣẹ́ ní tiẹ̀, ń ráhùn lórí fíìmù ilẹ̀ Pólándì: ó ń súni, nǹkan kan kì í ṣẹlẹ̀, òṣèré á wo ọ̀tún, á wo òsì, ó tán. Himilsbach kàn ń gbọ́ ni. Tó bá dáhùn, ọ̀rọ̀ bíi mélòó kan ni, ohùn rẹ̀ á sì há bí ẹni tó gbé yanrìn mì. Síbẹ̀ ojú rẹ ò ní kúrò lára rẹ̀. Lójú tèmi, etí tó fi sílẹ̀ yẹn ló gbé ìráhùn ẹnì kejì dúró. Ká ní ó ṣe àṣejù díẹ̀, ẹ̀rín ò ní wá. Ohun tí ìwọ náà ṣe nìyẹn nínú fídíò tó o fi ránṣẹ́, níbi tí ọ̀gá ti ń bú ọ tó o kàn ń wo bàtà rẹ̀.

Àwọn méjèèjì tún pàdé ní 1973 nínú fíìmù Wniebowzięci, tí Andrzej Kondratiuk darí. Ọ̀rẹ́ méjì jẹ tẹ́tẹ́. Wọn ò kọ́lé, wọn ò fẹ́yàwó, bàálù ni wọ́n ń fi owó náà wọ̀ káàkiri Pólándì. Mo rẹ́rìn-ín títí, àánú wọn sì tún ṣe mí. Maklakiewicz kú ní 1977, ẹni 50 ọdún. Himilsbach ń bá ipa kéékèèké lọ títí òun náà fi kú ní ọjọ́ 11 oṣù Kọkànlá, 1988.

Ọ̀kan tí wọn kì í yé sọ nípa rẹ̀ ni pé àwọn kan fẹ́ fi í sínú fíìmù òkèèrè, wọ́n ní kó lọ kọ́ Gẹ̀ẹ́sì ná. Ó kọ̀. Ó ní bí òun bá kọ́ ọ tán tí wọ́n ní àwọn ò ṣe fíìmù mọ́ ńkọ́, ṣé kí òun wá dá dúró pẹ̀lú Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́ bí òmùgọ̀ ni?

Mò ń wá ẹ̀dà Rejs tó ní àkọlé Gẹ̀ẹ́sì nísàlẹ̀ fún ọ. Má kọ ipa mẹ́gáàdì yẹn o. Ṣùgbọ́n gba owó rẹ kí wọ́n tó tan kámẹ́rà.

Bá mi kí ìyàwó rẹ àti àwọn ọmọ.

Èmi ni ọ̀rẹ́ rẹ,
Délé