Kọ́kọ́rọ́ Méjì Ni Cesena Fi Ta Ọba Hungary Yọ

Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ka àpilẹ̀kọ yín lórí àwọn ilé-ìkàwé ńlá ilẹ̀ Yúróòpù àtijọ́, ó sì dùn mọ́ mi, àmọ́ ẹ ti yin Matthias Corvinus, ọba Hungary, jù. Lóòótọ́, ìwé tó kó jọ sí ààfin rẹ̀ ní Buda tó nǹkan bí 2,000. Ibi tọ́rọ̀ já sí ni ẹ ò sọ. Ọba kú ní 1490. Àwọn tó jẹ lẹ́yìn rẹ̀ ò ka ìwé náà sí. Wọ́n ń fi ta àlejò lọ́rẹ, ẹni tó yá ò dá a padà. Nígbà tí ọmọ ogun Ottoman (ìjọba àwọn ará Tọ́kì) wọ Buda ní 1526, wọ́n kó nínú èyí tó kù lọ sí Istanbul. Nǹkan bí 200 péré ni wọ́n ṣì rí lónìí, káàkiri ayé.

Cesena ní Ítálì ni ẹ fò dá. Malatesta Novello tó ń ṣàkóso ìlú kékeré yẹn ní kí Matteo Nuti, ayàwòrán-ilé, kọ́ ilé-ìkàwé sọ́dọ̀ àwọn mọ́ńkì Franciscan, ẹgbẹ́ kan nínú ìjọ Kátólíìkì. Ọdún 1454 ni wọ́n ṣí i. Novello ò fi kọ́kọ́rọ́ sápò ara rẹ̀. Méjì ni wọ́n rọ: ọ̀kan lọ́wọ́ àwọn mọ́ńkì, ọ̀kan lọ́wọ́ ìjọba ìlú, ẹnì kan ò sì lè dá ilẹ̀kùn ṣí. Ó kú ní 1465 láìbímọ, ṣùgbọ́n ìwé náà ti ní alábòójútó kó tó kú. Nígbà tí wọ́n lé àwọn mọ́ńkì kúrò láyé Napoleon, ìlú ló gba ìtọ́jú rẹ̀.

Ẹ wo inú gbọ̀ngàn náà. Tábìlì onígi 58 ló wà níbẹ̀, bẹ́ǹṣì kan mọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ìwé tó lé ní 340 tí wọ́n fọwọ́ kọ wà nísàlẹ̀ wọn, olúkúlùkù pẹ̀lú ṣéènì irin tirẹ̀. Òǹkàwé á jókòó, á gbé ìwé sójú tábìlì, á kà á, á dá a padà sábẹ́. Kò séyìí tó lè gbé e délé. Ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé ni wọ́n fi ń kàwé. Lókè ẹnu ọ̀nà, wọ́n gbẹ́ erin sára òkúta, wọ́n sì fi èdè Látìn kọ ọ́ pé erin Íńdíà kì í bẹ̀rù ẹ̀fọn. (Ẹni tó bá ti gbọ́ oríkì erin lẹ́nu ọdẹ wa á ní wọ́n kàn gbìyànjú ni.)

Ní 2005, UNESCO, àjọ àgbáyé tó ń rí sí ẹ̀kọ́ àti àṣà, fi ilé-ìkàwé yìí sínú àkójọ ohun ìrántí ayé. Bí àyè bá wà nínú ẹ̀dà tó ń bọ̀, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún Cesena ní ìpínrọ̀ kan.

Èmi ni òǹkàwé yín,
Abẹ́òkúta