Orúkọ tí ẹ fi ránṣẹ́, mo ti yẹ̀ wọ́n wò

Ògbómọ̀ṣọ́,
Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́.

Gbádé ọ̀rẹ́ mi,

A ó gbóhùn ìyá, a ó gbóhùn ọmọ. Gbogbo ilé ń kí yín. Màmá yín ní kí n bá òun kí ìyàwó òun dáadáa, ìwọ ò sí nínú ìkíni yẹn.

Orúkọ tí ẹ ṣà lórí íntánẹ́ẹ̀tì fún ọmọ tí ẹ ń retí, pẹ̀lú ìtumọ̀ tí wọ́n kọ síwájú wọn, ti tẹ̀ mí lọ́wọ́. Nígbà tí mo débi Babátúndé, mo bú sẹ́rìn-ín. Gbádé, ta ló kú? Bàbá yín rèé tó ń fẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì! Àwọn tó kọ ọ́ pé bàbá ti padà dé kò purọ́, àmọ́ wọn ò sọ pé ọmọkùnrin tí wọ́n bá bí lẹ́yìn tí bàbá àgbà ti papòdà ni wọ́n ń sọ bẹ́ẹ̀. Ẹ dán an wò, kí bàbá bi yín bóyá òun ti kú tí òun ò mọ̀. Ẹ yọ Yétúndé náà kúrò, àfi bí ìyá àgbà kan bá ti lọ lọ́dọ̀ àwọn àna rẹ.

Èyí tó bí mi nínú ni Ojo, tí wọ́n ní òjò tó ń rọ̀ ni. Wọn ò fi àmì sí i, ni wọ́n bá ń méfò. Òjó lorúkọ: ọmọkùnrin tó gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé. Bó bá jẹ́ obìnrin, Àìná. Àmútọ̀runwá nìyẹn, ẹ ò lè jókòó sí Kánádà kí ẹ máa ṣà á bí ẹni ń ṣa ẹ̀wà. Bí ọmọ bá dojú bolẹ̀ wá, Àjàyí ni. Bó bá fẹsẹ̀ jáde, Ìgè ni. Nọ́ọ̀sì ni kí o bi lọ́jọ́ náà.

Imani kì í ṣe Yorùbá rárá. Èdè Lárúbáwá ni Swahili ti yá a, ìgbàgbọ́ ló jẹ́.

Ìyàwó fẹ́ràn Fábùnmi, ó sì dùn-ún pè lóòótọ́. Ṣùgbọ́n kì í ṣe "Ọlọ́run fún mi" tí wọ́n kọ síwájú rẹ̀. Ifá ni Fá yẹn, ilé oníFá ló ti jáde, gẹ́gẹ́ bí Àyàn ṣe jẹ́ ti onílù, tí Ọ̀jẹ̀ sì jẹ́ ti eléégún. Mo bi bàbá yín léèrè nípa ilé tiyín, ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí ìjọ Onítẹ̀bọmi tó gbà wọ́n wọlé, Ọ̀jẹ́wùmí ni bàbá bàbá òun ń jẹ́. Lójú tèmi, ìyẹn tọ́ sí ọmọ yín ju Fábùnmi lọ. Ẹ̀yin lẹ ó pinnu.

Bí o bá fẹ́ ka nǹkan gidi, wá ìwé ìtàn Yorùbá tí Samuel Johnson kọ, pásítọ̀ Áńgílíkà tó sìn ní Ọ̀yọ́. Ó parí rẹ̀ ní 1897, wọn ò tẹ̀ ẹ́ títí di 1921. Ó ya àmútọ̀runwá, àbísọ, orúkọ àbíkú àti oríkì sọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ayọ̀délé, Tèmítọ́pẹ́ àti Olúdàre kò lẹ́bi. Ẹ fi àmì sí wọn nínú ìwé ìbí, bí wọ́n bá gbà fún yín.

Ti oríkì, ẹ má wulẹ̀ wá a kiri. Màmá ti mú un: Àlàó bó bá jẹ́ ọkùnrin, Àbẹ̀kẹ́ bó bá jẹ́ obìnrin. Wọ́n ní n má tíì sọ fún yín o.

Èmi ni tìrẹ,
Kọ́ládé