Lẹ́tà sí Kúnlé: mo ti rí ọ̀gá wa

Kúnlé ọ̀rẹ́ mi,

Báwo ni Manchester, ṣé òtútù ò tíì gbé ẹ mì? Àwa wà ńbí o, a dúpẹ́. Má bínú pé mi ò tètè kọ̀wé, fídíò òde àríyá ni ò jẹ́ n ráyè.

Wò ó, mo ti rí ọ̀gá wa. Sergei Urusevsky lorúkọ ẹ̀, ará Rọ́ṣíà tó ń fi kámẹ́rà ya fíìmù sinimá ni, ó ti kú láti 1974. Àwòrán yíyà ló kọ́kọ́ kọ́ níléèwé, ó tún gbé kámẹ́rà lọ sójú ogun nígbà tí wọ́n ń bá Jámánì jà, èmi lérò pé ibẹ̀ ló ti mọ bí èèyàn ṣe ń gbé kámẹ́rà sáré.

Lọ wo fíìmù The Cranes Are Flying, 1957, òun àti olùdarí kan tó ń jẹ́ Kalatozov ni wọ́n jọ ṣe é, ó gba ẹ̀bùn tó ga jù ní Cannes lọ́dún kejì. Ọmọbìnrin kan wà nínú bọ́ọ̀sì, ó ń wá Boris àfẹ́sọ́nà ẹ̀ tó ń lọ sógun. Kámẹ́rà wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, ó bọ́ọ́lẹ̀, kámẹ́rà náà bọ́ọ́lẹ̀, ó ń fèjìká la èrò kọjá, kámẹ́rà ń tẹ̀ lé e, ká tó ṣẹ́jú pẹ́ kámẹ́rà ti gòkè lọ, ọmọ yẹn wá kéré sáàárín àwọn táńkì. Wọn ò gé e rárá o! Nígbà tí ìbọn wá ba Boris, igi ló ń yí po lókè lójú ẹ̀, ó ń yí, ó ń yí.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n lọ ya Soy Cuba, 1964, ní Kúbà, ilẹ̀ àwọn Lukumí ẹbí wa. Fíìmù infrared, èyí tó ń gba ìmọ́lẹ̀ tójú èèyàn ò lè rí, ni wọ́n fi ya oko ìrèké níbẹ̀, gbogbo ewé àti ọ̀pẹ wá funfun báláú bíi pé wọ́n fi ẹfun kùn ún. Ibi ìsìnkú kan tún wà nínú ẹ̀ o: kámẹ́rà gun ara ilé lọ sókè, ó gba àárín àwọn tó ń wé sìgá kọjá, ó gba ojú fèrèsé jáde, ó ń fò lórí èrò. Wáyà ni wọ́n so ó mọ́. Àti Kúbà àti Rọ́ṣíà, kò sẹ́ni tó gba tiẹ̀ nígbà náà, àfi ìgbà tí Scorsese àti Coppola, àwọn olùdarí fíìmù ní Amẹ́ríkà, gbé e jáde láàárín 1990 sí 2000.

Èmi náà bá gbìyànjú ẹ̀ ní Sátidé. Ìyàwó bọ́ọ́lẹ̀ nínú mọ́tò, mo ń tẹ̀ lé e wọ abẹ́ kánópì láìgé, ẹsẹ̀ mi bá kọ́ wáyà jẹnẹrétọ̀, mo ṣubú gbì lẹ́gbẹ̀ẹ́ kúlà àmàlà. Kámẹ́rà ò kú ṣá. Nígbà tí mo wò ó nílé, kánópì, géèlè àti ojú ọ̀run ló ń yí po. Mo fi han ìyá ìyàwó pé màá yọ ọ́, màmá ní kí n má dán an wò.

Kọ̀wé sí mi o jàre,
Dèjì